Bébà Tí Larbi Lẹ̀ Mọ́ Ilẹ̀kùn Sítóò

Gbé ìgò ọtí yẹn kúrò lórí tábìlì mi, Owusua. Gbé ẹyin náà. Mo mọ ohun tí ẹyin wà fún, èmi náà ti fi ẹyin pẹ̀tù sí ọkàn àgbà rí nílùú Koforidua yìí kí wọ́n tó bí ọ. Ẹni tó ṣẹ̀ ló ń gbé ẹyin wá, kì í ṣe akọ̀wé ọ́fíìsì. Larbi dà? Ó ní iṣẹ́? Hẹn. Ẹsẹ̀ tó gbé e dé ẹnu ilẹ̀kùn sítóò tó fi lẹ bébà mọ́ ọn, ẹsẹ̀ ọ̀hún ni kò mọ ọ̀nà ilé mi.

Jókòó, mi ò bá ọ jà. Ìwọ lo máa gbọ́ ọ, torí ọ̀gá wa Amponsah kì í gbọ́ ju ìdajì ọ̀rọ̀ lọ kí fóònù rẹ̀ tó dún.

Okùn dígí méjìlá, irú tí ìmọ́lẹ̀ ń gba inú rẹ̀ gbé íńtánẹ́ẹ̀tì, ni wọ́n ní ká so ní ọsibítù yẹn. Ta ló yan ìrù tá a máa fi ẹ̀rọ jó mọ́ ọn, àwọn okùn kúkúrú tí wọ́n ti de orí mọ́ lẹ́nu kan? Èmi ni. Mo yọjú wo àpótí ara ògiri wọn, níbi tá a máa ki orí okùn bọ̀, mo rí i pé ihò aláwọ̀ ewé ni gbogbo rẹ̀, mo ní olórí aláwọ̀ ewé ni kí wọ́n rà. Orí aláwọ̀ ewé, gẹ̀rẹ̀ ni wọ́n gé ẹnu rẹ̀. Orí búlúù, ẹnu rẹ̀ tẹ́ pẹrẹsẹ. Tó o bá ti búlúù bọ ihò aláwọ̀ ewé, á wọlé, á dún kọ̀, wàá ní iṣẹ́ ti parí. Àmọ́ ẹnu méjèèjì ò pàdé, ìmọ́lẹ̀ á dé ibẹ̀, á ta padà. Ṣé ìyẹn le? Ṣé ó fẹ́ yunifásítì?

Mẹ́jọ péré la rí nínú sítóò. Larbi bá sáré lọ mú olórí búlúù mẹ́rin wá kún un. Mo ní, "Ẹnjiníà, èyí ò bá ihò yìí mu." Ó ní, "Agya Ntow, ẹ fi ọ̀rọ̀ àwọ̀ sílẹ̀, okùn kan náà ló wà nínú rẹ̀, dókítà ń dúró dè wá." Mo ní wọ́n kọ ọ́ sára ọ̀rá rẹ̀, wò ó. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní, "Ẹ̀yin náà ti ń kàwé?"

Owusua, mo ti pé ọmọ ọdún méjìdínlọ́gọ́ta kí n tó mọ lẹ́tà. Kò sẹ́ni tó kọ́ mi. Ara páálí àti ọ̀rá okùn ni mo ti kọ́ ọ, mò ń fi ìka tẹ̀ lé e bí ẹni ń wá ẹ̀gún lẹ́sẹ̀. Ẹni tó gbé ìwé ẹ̀rí mẹ́ta kọ́ ògiri wá kọ̀, kò ka ohun tó wà lára ọ̀rá.

Ohun kan ṣoṣo ni mo jẹ̀bi rẹ̀: mo jó o. Ó ní òun lòun máa fọwọ́ sí i, mo bá jó o. Mo bó o, mo fi spírítì nù ún títí ó fi ń ké ṣín-ín, mo gé e, ẹ̀rọ jó o pọ̀, ó sì kọ ọ́ sójú ara rẹ̀ pé ìmọ́lẹ̀ tó sọnù níbẹ̀ kò tó nǹkan. Ṣé ẹ̀rọ náà ti darúgbó bíi tèmi ni?

Nígbà tí okùn mẹ́rin ọ̀hún ò wá ṣiṣẹ́, tí àwòrán egungun tí dókítà ń fi ránṣẹ́ sí Accra ń há sójú ọ̀nà, ibo ló yẹ ká kọ́kọ́ wò? Orí ni. Wàá fà á yọ, wàá fi awò yẹ ẹnu rẹ̀ wò. Ẹni tí iná ilé rẹ̀ ò tàn kì í wó ògiri kó tó wo gílóòbù. Larbi mú ọ̀bẹ, ó gé ojú ìsopọ̀ mi mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ó tún un jó. Kò ṣiṣẹ́. Ó tún gé e. Okùn ń kúrú lọ bí àbẹ́là. Ló bá lọ kọ bébà: "Ojú Agya Ntow ti ń ṣe bàìbàì. Kò gbọdọ̀ fọwọ́ kan ẹ̀rọ mọ́. Kó máa gbẹ́lẹ̀, kó máa gbé àkàbà." Ó lẹ̀ ẹ́ síbi tí gbogbo ayé ti ń kọjá. Mo kà á lẹ́ẹ̀mẹta.

Mo gbẹ́lẹ̀, ní ọmọ ọdún mọ́kàndínláàádọ́rin. Àwọn tí mo kọ́ níṣẹ́ ń kọjá lórí kòtò, wọn ò mọ bí wọ́n ṣe máa kí mi. Ọjọ́bọ̀ dé, ọjọ́ tí ilẹ̀ ń sinmi, tí bàbá ẹnikẹ́ni níbí kì í fi ọkọ́ kàn án, Larbi ní kí n gbẹ́ ẹ. Mo kọ̀. Ó ní ọ̀lẹ ni mí.

Ọkùnrin tí wọ́n pè wá láti Accra lánàá láti tún un ṣe ńkọ́? Ó fa orí búlúù yọ, ó wò ó, ó ní, "Ta ló ki eléyìí bọ ibí?" Ó jó aláwọ̀ ewé mọ́ ọn, àwòrán ń lọ. Kí ni Larbi wí? Ó ní ilé iṣẹ́ tó ṣe ìrù ló ṣe é bà jẹ́.

Kí lo sọ? Ọ̀gá ti dá ẹ̀rọ padà fún mi? Mo gbọ́. Bébà yẹn ńkọ́? O máa lọ yọ ọ́? Rárá o, má fọwọ́ kàn án. Tó o bá yọ ọ́ lásán, ohun tí kálukú ti kà ló máa kù lọ́kàn rẹ̀.

Sọ fún Larbi kó mú bébà mìíràn, kó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ ọ́ pé òun lòun mú orí búlúù wá, Agya Ntow kìlọ̀, òun ò gbọ́. Kó lẹ̀ ẹ́ sábẹ́ ti àkọ́kọ́. Láàárọ̀ ọ̀la, tí gbogbo òṣìṣẹ́ bá tò láti gba irinṣẹ́, èmi ni màá dúró tì í, èmi ni màá kà á sókè. Tó bá sì ní òun máa kọ ọ́ wínníwínní kí n má bàa rí i kà, sọ fún un pé lẹ́tà wínníwínní ara ọ̀rá ni mo fi kọ́ ìwé kíkà.