Òwú Dúdú Inú Àpótí Fíbà

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ọ̀rọ̀ mi yìí, ṣé ẹ ti dúró wo ọmọ yín rí tó gbé ẹ̀bi yín sórí, tí ẹ sì panu mọ́ bí ẹni tí kò sí níbẹ̀? Èmi ṣe bẹ́ẹ̀. Láti ìgbà náà, èmi nìkan ló ń jẹun nílé wa. N óò gbé abọ́ kejì jáde, n óò rántí, n óò dá a padà. Títí di àná, bí mo bá ń gbàdúrà tí mo dé ibi tí a ti ń tọrọ ìdáríjì, ahọ́n mi a wúwo.

Opó ni mí. Abúlé wa kò jìnnà sí Datcha, iṣẹ́ mi sì ni kí n máa gbá, kí n sì máa nu ilé ìwòsàn kékeré tí àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́, àwọn sísítà ìjọ Àgùdà, ń bójú tó níbẹ̀. Ọmọ kan ṣoṣo ni Ọlọ́run fi sílẹ̀ fún mi, Afi. Ó lọ sí Lómé, ó kọ́ iṣẹ́ fíbà, okùn dígí tó tín-ín-rín bí irun orí, tí ìmọ́lẹ̀ ń gbé ọ̀rọ̀ gba inú rẹ̀ kọjá. Nígbà tí Màsẹ̀, ìyá ajẹ́jẹ̀ẹ́ tó jẹ́ ọ̀gá wa, fẹ́ kí a lè máa bá dókítà tó wà ní Atakpamé sọ̀rọ̀ lójú ẹ̀rọ, Afi ló gbé iṣẹ́ náà fún. Ó ní bó bá dára, Afi náà ni yóò ṣe ti ilé ìwòsàn Akparé àti ti Moretan.

Mo jókòó tì í lọ́jọ́ tó ń ṣe é. Ó mú okùn kúkúrú kan jáde, aláwọ̀ ìyeyè, tó ní orí lápá kan, tí apá kejì rẹ̀ wà lásán. Ó ní pígítéèlì ni wọ́n ń pè é, ìtumọ̀ rẹ̀ ni ìrù ẹlẹ́dẹ̀.

"Ẹ̀yin oníṣẹ́ yìí, ẹ ò rí ẹran mìíràn?"

"Màmá, ẹ lọ bi àwọn òyìnbó."

Ó fi hàn mí pé èyí tí orí rẹ̀ ní àwọ̀ ewé ni òun yàn, nítorí wọ́n gé ojú rẹ̀ ní ìdàgẹ̀rẹ́ bíi ti ihò tó máa wọ̀. Èyí tí orí rẹ̀ jẹ́ búlúù náà yóò wọlé, ṣùgbọ́n ojú wọn kò ní bára mu, ìmọ́lẹ̀ á sì máa ta padà. Ó bó èèpo ara okùn náà, ó fi sípírítì nù ún, ó gé e kó gún, ó tẹ́ ẹ sínú ẹ̀rọ kékeré kan kó dojú kọ èyí tó ti ìta wá. Iná tàn fìrí, okùn méjì di ọ̀kan. Ó wá ká ìyókù rẹ̀ gbẹ̀rẹ̀ sínú àpótí ara ògiri.

"Màmá, ẹ má ṣí àpótí yìí o. Bí ẹ bá ṣèèṣì fọwọ́ kàn án, ẹ ṣáà sọ fún mi. N kò ní bínú."

Mo di ìlẹ̀kẹ̀ àdúrà mi mú, mo ní, "Mo ṣèlérí. Ẹnu mi ni n óò fi sọ ọ́."

Ọyẹ́ dé, eruku pupa bo gbogbo nǹkan. Ìmọ́tótó ló borí àrùn, ìmọ́tótó sì ni iṣẹ́ mi. Ṣé kí n fi eruku sílẹ̀ ni? Mo ṣí àpótí náà. Okùn tó wà níbẹ̀ rí wúruwùru lójú mi, bí irun ọmọ tí ìyá rẹ̀ kò tọ́jú. Mo ká a mọ́ ìka méjì, mo fà á le, mo fi òwú dúdú tí mo fi ń di irun dì í, mo sì ta á ní kókó mi, kókó tí mo ti ń ta sórí Afi láti kékeré. Ó wù mí. Mo rò pé mo ràn án lọ́wọ́ ni.

Lọ́jọ́ kejì, iná ara ẹ̀rọ tí a fi ń bá dókítà sọ̀rọ̀ ti di pupa, kò gbé ọ̀rọ̀ mọ́. Ǹjẹ́ mo pe ọmọ mi? Ẹ̀rù bà mí, n kò pè é. Màsẹ̀ ló pè é. Afi dé, ó ṣí àpótí lójú àwa méjèèjì, ó ti tọ́ọ̀ṣì kékeré kan tó ń tan iná pupa bọ ẹnu okùn. Abẹ́ òwú mi gan-an ni iná náà ti ń jò jáde, bí ẹ̀jẹ̀ tó ń yọ lára aṣọ tí a fi di egbò. Afi wo òwú náà, ó wo kókó rẹ̀. Kò wo ojú mi. Ó gé òwú náà, ó fi í sápò.

"Màsẹ̀, ẹ má bínú. Èmi ni mo ká a le jù. Bí wọ́n bá ká a le bẹ́ẹ̀, ìmọ́lẹ̀ á dà nù."

Màsẹ̀ mí kanlẹ̀. "Afi, mo sì ti fi orúkọ rẹ ránṣẹ́ sí Moretan."

Afi tún okùn náà ká gbẹ̀rẹ̀, ẹ̀rọ sì padà ṣiṣẹ́. Ó ti ṣetán, síbẹ̀ kò kó irinṣẹ́ rẹ̀. Ó ń yí tọ́ọ̀ṣì náà lọ́wọ́. Èmi ló ń dúró dè; mo mọ̀ ọ́n nígbà náà, ẹ jẹ́ kí n má purọ́ mọ́. Mo gbé ìgbálẹ̀, mo ń gbá ilẹ̀ tí mo ti gbá.

Ọkùnrin kan láti Lómé ni wọ́n gbé iṣẹ́ Akparé àti Moretan fún. Afi kò jẹun kó tó lọ, kò sì wá jẹun nílé wa mọ́. Ó kọ́kọ́ ń pè mí, "Màmá, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta," á sì máa retí. Èmi á máa sọ̀rọ̀ ọyẹ́ àti ọjà. Nígbà tó yá, kò pè mọ́. Gbogbo aláìsàn ń bá dókítà sọ̀rọ̀ lórí okùn tí ọmọ mi so, èmi ni mo sì ń nu ẹ̀rọ náà lójoojúmọ́.

Ẹ̀yin ìyá, ẹ má jẹ́ kí ojú tì yín débi pé ẹ ó fi ọmọ yín bo ìtìjú yín. Irọ́ lè sáré fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ máa bá a. N kò fẹ́ kó di ogún ọdún. Láàárọ̀ yìí, mo bẹ Màsẹ̀ pé kó bá mi pe Afi lójú ẹ̀rọ, kí òun náà sì jókòó gbọ́. Ojú ọmọ mi yọ. Ó ti rù. Kò tíì kí mi tí mo fi sọ̀rọ̀.

"Afi, èmi ni mo fọwọ́ kàn án. Màsẹ̀ wà níbí, ó ń gbọ́. Èmi ni, ẹnu mi ni mo sì fi sọ ọ́ yìí."