Ebè Tí Mo Kọ Sórí Ibojì Clement

Mo ń kọ ebè lọ lórí ibojì àbúrò mi nígbà tí mọ́tò àwọn òṣìṣẹ́ ilẹ̀ gúnlẹ̀ sí ẹ̀bá títì. Ó di dandan kí ọ̀rọ̀ yìí jáde wàyí. Dókítà ní Ìkàrẹ́ ní kí n má fi ohun tí mo fẹ́ ṣe dọ̀la, ìdí nìyí tí mo fi pe gbogbo ẹbí jókòó. Ẹ má sunkún. Bó bá pa yín lẹ́rìn-ín, ẹ rín.

Ilẹ̀ bàbá wa ní Ọ̀kà, lójú ọ̀nà Ìkàrẹ́, lọ̀rọ̀ dá lé. Clement kú, a sin ín síbẹ̀. Mo ní èmi ni mo ni gbogbo rẹ̀. Lucy, ìyàwó rẹ̀, ní ìdajì jẹ́ ti òun àti Peace ọmọ rẹ̀. Ó pè mí lẹ́jọ́. Adájọ́ ní kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kan nǹkan kan títí ẹjọ́ yóò fi parí. Èmi fọwọ́ kàn án. Ní ọ́fíìsì tí wọ́n ti ń tún orúkọ àwọn onílẹ̀ kọ, wọ́n bi mí bóyá ẹjọ́ wà lórí rẹ̀. Mo ní kò sí. Ẹnu mi kò tilẹ̀ gbọ̀n.

Wọ́n ní àwọn ń bọ̀ wá wò ó. Ibojì Clement wá di ìṣòro. Lọ́dọ̀ wa, a kì í sin òkú sórí ilẹ̀ onílẹ̀. Ẹni tó bá rí ibojì yóò béèrè aya òkú. Lucy kò tíì rí sìmẹ́ńtì fi rẹ́ ẹ. Òkìtì iyẹ̀pẹ̀ àti àgbélébùú onígi lásán ni. Mo fa àgbélébùú náà tu, mo dì í mọ́ àwọn ọ̀pá iṣu. Mo gbé ọkọ́. Àbúrò tí mo pọ̀n sẹ́yìn ni mo ń kọ ebè lé lórí. Ibẹ̀ ló burú jù. Bí ọkọ́ bá ti wọlẹ̀, màá ní, "Clement, má bínú." Síbẹ̀, n kò dúró.

Abdulrazaq, ọ̀dọ́mọkùnrin tó ṣáájú àwọn òṣìṣẹ́ náà, wo ebè, ó wò mí. "Bàbá, iṣu wo là ń gbìn lóṣù kẹjọ?" Mo ní irú tuntun ni. "Ó dáa o. Tó bá ta, ẹ fi ránṣẹ́ sí wa." Ó pe Limota, nítorí ẹni tí a jọ pààlà gbọ́dọ̀ jẹ́rìí. Ó bi í bóyá ẹlòmíràn ní nǹkan lórí ilẹ̀ náà. Limota mọ ibojì yẹn; ó bá wa jẹ ìrẹsì ìsìnkú. Ṣùgbọ́n ewúrẹ́ Lucy ti jẹ pákí rẹ̀. "Ọmọ mi, ojú ń dùn mí, n kò rí nǹkan kan." Nígbà tí wọ́n lọ tán, ó ní, "Ládélé, ọ̀rọ̀ ìwọ àti Ọlọ́run rèé. Kì í ṣe ojú ló ń dùn mí, pákí mi ni."

Orúkọ mi wọ inú ìwé onílẹ̀. Kò pẹ́ sí i, Lucy mú bíríkìlà àti sìmẹ́ńtì wá. Mo wà níbẹ̀, kò síbi tí mo fẹ́ sá sí. Ó wo ebè títí, ó kúnlẹ̀. Mo rò pé èpè ló fẹ́ ṣẹ́. "Bùrọ̀dá, ẹ ṣé. Ẹ̀rù ń bà mí kí màlúù má fẹsẹ̀ tú ibojì yìí ká, àṣé ẹ ti fi ebè bò ó. Bí a ti ń bá ara wa ṣẹjọ́ tó! Àgbélébùú ńkọ́?" Mo ní, "Mo gbé e pamọ́." Ó yíjú sí bíríkìlà: "Ẹ rí wọn? Wọ́n lè gba ilẹ̀ lọ́wọ́ mi, wọn kò lè kọ àbúrò wọn."

N kò sùn dáadáa lẹ́yìn ìyẹn. Mo mú Lucy lọ sí Ìkàrẹ́, mo ní kí wọ́n kọ orúkọ àwa méjèèjì. Adájọ́ fọwọ́ sí i pé kí a pín in dọ́gba. Ni gbogbo Ọ̀kà bá ń pè mí ní Bàbá Àlàáfíà. Olùṣọ́àgùntàn fi mí ṣe àpẹẹrẹ nínú ìwàásù; mo jókòó, mo ń mi orí. Irọ́ mi tó pẹ́ jù nìyẹn. Gbogbo Kérésì ni Lucy ń gbé adìyẹ wá fún ẹni tó ṣọ́ ọkọ òun. Adìyẹ náà ń dùn, ó sì ń há mi lọ́fun.

Lucy, o ti gbọ́. Dárí jì mí. Peace, yé rẹ́rìn-ín, n kò tíì parí. Ẹ̀yin ọmọ, bí ẹjọ́ bá wà lórí ilẹ̀, ẹ má fọwọ́ kan orúkọ tó wà lórí rẹ̀. Bí ẹ bá sì fọwọ́ kàn án, ẹ má jẹ́ kí wọ́n dúpẹ́ lọ́wọ́ yín.

Lucy, adìyẹ tí o gbé wá kẹ́yìn, n kò pa á. Ó wà lẹ́yìn ilé ìdáná, ó ń sàba.