Anujú: Ọ̀rọ̀ Tí Mo Jí Lẹ́nu Ìyá Rhoda

Ẹ̀yin ọmọ ilé ẹ̀kọ́ yìí, ẹ̀yin olùkọ́, àti ẹ̀yin òbí tẹ́ ẹ fi oko sílẹ̀ wá, okun o. Ẹ jókòó dáadáa. Èmi Josiah Bámigbóyè, tí mo kọ́ àwọn ẹ̀gbọ́n yín ní ẹ̀kọ́ báyọ́lọ́jì, ni mo kọ ìwé yìí. Dókítà ti sọ fún mi pé kíndìnrín mi méjèèjì ń kọṣẹ́, ẹsẹ̀ mi sì ti wú débi pé n kò lè dúró níwájú yín. Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo gbé mì láti ọdún mọ́kànlá sẹ́yìn. Mo rò pé yóò dà nínú mi ni, kò dà. N kò fẹ́ gbé e wọ sàréè. Ẹni tó ń kà á fún yín kì í ṣe àlejò. Kí n tó parí, ẹ ó mọ ìdí tó fi jẹ́ òun ló ń kà á.

Ní ọdún 1993, ìpínlẹ̀ Kogi kò tíì pé ọdún méjì, a ṣì máa ń gbàgbé, a ó kọ Kwara sórí ìwé. Oṣù kìíní ọdún náà, nínú ọyẹ́, ni Elizabeth ìyàwó mi kú. Ọmọ kan ṣoṣo ló fi sílẹ̀ fún mi, Naomi, tó wà ní kíláàsì àṣejáde níbí. Ìyá àgbà kan wà nígbà náà tó ń ta ẹran ìgbẹ́ lẹ́bàá ọgbà wa, lábẹ́ igi ìyeyè. Ìyá Rhoda là ń pè é. Rhoda fúnra rẹ̀ ti kú, Tabitha ọmọ Rhoda ló kù lọ́wọ́ ìyá náà, kíláàsì kan náà ni òun àti Naomi. Ọ̀sẹ̀ kejì tí mo sin ìyàwó mi, Ìyá Rhoda pè mí bí mo ti ń kọjá. Ó ń kun ẹtu lọ́wọ́. "Tíṣà, okun o. Okun ọ̀fọ̀." Ó fi àtàǹpàkò ti ìpéǹpéjú ẹtu náà sẹ́yìn, awọ funfun fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kan sì yọ láti kọ̀rọ̀ ojú rẹ̀. "Ṣé o rí i? Anujú nìyí. Òun lẹran fi ń nu ojú ara rẹ̀. Baba mi tó jẹ́ ọdẹ ní ènìyàn náà ní tirẹ̀ rí, ó gbòòrò. Nígbà tó yá, àwọn ènìyàn bẹ̀rẹ̀ sí í bára wọn nu omijé, anujú ò ríṣẹ́ ṣe mọ́, ó bá sún kì. Ẹran pupa kínńkín tó kù ní kọ̀rọ̀ ojú rẹ, lápá imú, òun nìyẹn." Ó ní nínú ilé àwọn, tí wọ́n bá pa ẹran, ẹni tó ń ṣọ̀fọ̀ ni wọ́n máa ń fún ní ojú rẹ̀, kó lè mọ̀ pé àwọn tó kù yóò jẹ́ anujú fún un. Ó wé ojú ẹtu náà sínú ewé, ó fi lé mi lọ́wọ́. Mo sè é, mo sì jẹ ẹ́. Láti ìgbà tí Elizabeth ti kú, ọjọ́ yẹn ni mo kọ́kọ́ sunkún bó ṣe yẹ.

Mo mọ awọ náà tẹ́lẹ̀, kí ẹ má rò pé n kò mọ̀ ọ́n. Nínú ìwé wa, nictitating membrane ni orúkọ rẹ̀. Inú èdè Látìn ni wọ́n ti fà á yọ, láti ara ọ̀rọ̀ tó túmọ̀ sí kí ènìyàn máa ṣẹ́jú. Adìẹ ní in. Ẹ wo èyí tó ń tòògbé, ẹ ó rí i tí awọ náà ń ré kọjá lójú rẹ̀. Ìwé náà sì gbà pẹ̀lú Ìyá Rhoda pé èyí tó kù lójú ènìyàn kò ju àmì lọ. Ọdún mẹ́rìndínlógún ni mo fi kọ́ àwọn ọmọ ní orúkọ gígùn yẹn, n kò sì mọ̀ pé ìyá tó ń ta ẹran lẹ́yìn ọgbà wa ní orúkọ fún un.

Ní oṣù kejì, ẹgbẹ́ àwọn olùkọ́ sáyẹ́ǹsì kan gbé ìdíje kalẹ̀. Ilé ẹ̀kọ́ kọ̀ọ̀kan yóò fi ìwé ọmọ kan ṣoṣo ránṣẹ́, lórí ẹ̀yà ara ẹranko kan: orúkọ rẹ̀ ní èdè wa, ìtumọ̀ orúkọ náà, àti ibi tó ti wá. Ọmọ tó bá gbégbá orókè yóò kàwé ọ̀fẹ́ ní kọ́lẹ́ẹ̀jì àwọn olùkọ́. Tabitha kọ ti anujú, ojú ìwé méjì, ó mú un wá fún mi. "Tíṣà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi yẹ̀ ẹ́ wò. Màmá àgbà ní tẹ́ ẹ bá ti parí ẹ̀, kí n wá kà á fún àwọn." Mo kà á, inú mi dùn. Òótọ́ ni, inú mi kọ́kọ́ dùn. Ṣùgbọ́n mo délé, mo rí Naomi tó ń gbá ilé tí ìyá rẹ̀ máa ń gbá, mo rántí ìlérí tí mo ṣe fún Elizabeth lórí ibùsùn àìsàn pé ọmọ yìí á kàwé dé ìparí. Naomi kì í ṣe olódo, ṣùgbọ́n kò lè kọ irú èyí. Mo mú bébà tuntun, mo da ìwé Tabitha kọ láti òkè délẹ̀, mo fi orúkọ Naomi sí i. Mo sọ fún Naomi pé, "Èmi ni mo kọ ọ́, ìwọ ṣáà há a sórí." Mo sọ fún Tabitha pé mo ti fi tirẹ̀ ránṣẹ́. Ẹ wo bí irọ́ méjì ṣe rọrùn fún tíṣà lọ́jọ́ kan.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan nínú oṣù kẹrin, ọ̀gbẹ́ni Lájídé, alága ìdíje náà, wá láti Lọ́kọ́ja. Inú gbọ̀ngàn yìí gan-an ni wọ́n pe gbogbo ilé ẹ̀kọ́ jọ sí. Ó kéde pé àwa la borí, a sì pàtẹ́wọ́ títí. Ó pe Naomi jáde pé kó wá ṣàlàyé. Naomi ń ka ohun tó há sórí, ó dé ibi tí àwọn ènìyàn ti bẹ̀rẹ̀ sí í bára wọn nu omijé, ni ohùn kan bá ké láti àárín ìlà: "Tíṣà, ọ̀rọ̀ tèmi nìyẹn! Ọ̀rọ̀ Màmá nìyẹn!" Tabitha ni. Ọ̀gbẹ́ni Lájídé kọjú sí mi. "Tíṣà, ta ló ni ọ̀rọ̀ yìí?" Ìwé Tabitha wà nínú àpò aṣọ mi lákòókò yẹn. Ẹ gbọ́ ohun tí mo sọ: "Sà, inú ilé mi ló ti wá. Èmi ni mo ṣẹ̀dá rẹ̀ nígbà tí mo ń ṣọ̀fọ̀ ìyàwó mi. Ìwé Naomi ni ọmọ yìí jí wò." Mo fi ikú Elizabeth parọ́. Ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ ní kí wọ́n lọ pe ìyá àgbà ọmọ náà wá.

Èyí tó burú jù nìyí. Mo sáré jáde lọ pàdé Ìyá Rhoda lẹ́nu ọ̀nà. Ẹ̀jẹ̀ ẹran ṣì wà ní ìka rẹ̀. Mo ní, "Ìyá, ó ku ọ̀sẹ̀ díẹ̀ kí Tabitha ṣe ìdánwò àṣejáde. Tẹ́ ẹ bá bá mi fà á, wọ́n á lé e. Tó bá kúnlẹ̀ pé òun jẹ̀bi, ọ̀rọ̀ tán, kò sẹ́ni tó máa fọwọ́ kàn án." Ó ní, "Ìwọ, Tíṣà? Èmi yìí ni mo sọ ọ́ fún ọ." Mo ní, "Ìyá, ìdánwò ọmọ yín ni kẹ́ ẹ rò." Mo mọ̀ pé kò mọ̀wé. Mo mọ̀ pé ó ń bẹ̀rù ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ bí ẹni ń bẹ̀rù ọlọ́pàá, àti pé ìwé ọmọ náà ni gbogbo ìrètí rẹ̀. Ibi tó ti ń dun ni mo tẹ̀. Ó wọlé, kò bá ẹnikẹ́ni jà, ó di ọwọ́ Tabitha mú. "Ọmọ mi, kúnlẹ̀. Sọ pé ti Tíṣà ni." Ọmọ náà ní, "Màmá, ẹ̀yin náà?" "Kúnlẹ̀, ọmọ mi." Tabitha kúnlẹ̀ sórí sìmẹ́ńtì yìí níwájú gbogbo wa, ó ní, "Mo jí i. Ọ̀rọ̀ Tíṣà ni." Omijé ń dà lójú rẹ̀, kò sẹ́ni tó nù ún. Bí Ìyá Rhoda ti ń lọ, ó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ó rọra bi mí: "Tíṣà, ojú ẹtu tí mo fún ọ, ṣé o jẹ ẹ́?" Mo ní mo jẹ ẹ́. Ó ní, "Ó dáa." Kò bá mi sọ̀rọ̀ mọ́ títí ó fi kú.

Wọn ò lé Tabitha, ẹnu àwọn ọmọ ló lé e. Olè ọ̀rọ̀ ni wọ́n ń pè é lójú ọ̀nà omi, èmi tíṣà sì ń gbọ́, n kò bá wọn wí. Kò ṣe ìdánwò náà. Ó lọ sọ́dọ̀ ẹbí kan ní Mopa. Ìyá Rhoda kó tábìlì rẹ̀ kúrò lábẹ́ igi ìyeyè, ọdún kejì ó sì kú. Wọ́n sin ín nítòsí ilé mi, n kò yọjú. Naomi lọ sí kọ́lẹ́ẹ̀jì, ó sì padà wá di olùkọ́ níbí. Ní tèmi, gbogbo ìgbà tá a bá dé orí ẹ̀kọ́ nípa ojú, mo máa ń fò ó, n óò ní kò ní jáde nínú ìdánwò. Ẹni tó jí kàkàkí ọba, níbo ni yóò ti fọn ọ́n? Èmi fọn tèmi níwájú ẹni tó ni ín, mo sì tún ní kó kúnlẹ̀ bẹ̀ mí.

Oṣù tó kọjá, mo ní kí wọ́n gbé mi lọ sí Mopa. Tabitha ń ta ẹran ìgbẹ́ bíi ti ìyá àgbà rẹ̀. Mo kúnlẹ̀ níwájú tábìlì rẹ̀ pẹ̀lú ẹsẹ̀ wíwú yìí. Ó nu ọ̀bẹ rẹ̀, ó ní, "Ẹ dìde, Tíṣà. Ibí kọ́ lẹ ti mú mi kúnlẹ̀. Ibi tí mo ti jẹ́wọ́ ohun tí n kò ṣe, ẹ lọ jẹ́wọ́ ohun tẹ́ ẹ ṣe níbẹ̀." Mo bi í bóyá yóò dárí jì mí tí mo bá ṣe é. Ó ní, "Ẹ kọ́kọ́ ṣe é ná." Mo délé, mo sọ gbogbo rẹ̀ fún Naomi. Títí di ìgbà yẹn, ohun tó gbà gbọ́ ni pé bàbá òun ló ni ọ̀rọ̀ náà lóòótọ́. Lọ́jọ́ kẹta ó ní, "Bàbá, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Èmi ni n óò kà á." Òun ló dúró níwájú yín yìí. Tí ohùn rẹ̀ bá ń gbọ̀n, ẹ má bínú sí i, èmi ni mo fà á.

Ẹ̀yin ọmọdé, ẹ má jẹ́ kí ìfẹ́ ilé yín sọ yín di olè sí ọmọ ẹlòmíràn. Mo fẹ́ràn ọmọ mi, ìyẹn ni mo fi tan ara mi jẹ. Ojú ìwé méjì tí Tabitha fọwọ́ ara rẹ̀ kọ ṣì wà. Inú Bíbélì Elizabeth ni mo fi pa mọ́ sí, ọkàn mi ò gbà kí n sun ún. Ó wà lọ́wọ́ Naomi báyìí. Tabitha ní òun lè wá lónìí, òun sì lè má wá. Tó bá jókòó lẹ́yìn níbẹ̀, kí Naomi sọ̀ kalẹ̀ lọ fi lé e lọ́wọ́, kẹ́nikẹ́ni má ṣe dá a dúró. Tí kò bá sì wá, kí ẹ bá mi mú un dé Mopa, kẹ́ ẹ sì kà á létí sàréè Ìyá Rhoda kẹ́ ẹ tó lọ, nítorí ó ní kí wọ́n kà á fún òun, wọn ò kà á. N kò ní kẹ́nikẹ́ni bá mi bẹ̀ ẹ́. Ohun tó yẹ kí n sọ lórí sìmẹ́ńtì yìí lọ́jọ́ náà ni mo fẹ́ kí Naomi sọ fún mi báyìí, kó sọ ọ́ sókè: Tabitha, ọmọ Rhoda, mo jí i. Ọ̀rọ̀ tìrẹ ni.