Ìwé Tí Mo Ní Kò Sẹ́ni Tó Ń Rà Á

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má pàtẹ́wọ́ fún mi. Ẹni tó pè mí sórí pèpéle yìí sọ fún yín pé àna Russell Tedesco ni mí, pé mo wá sọ bí ó ṣe ń ya ìwé alàwòrán Akọni Ọ̀la fún yín. Àna rẹ̀ ni mí lóòótọ́, Lorene àbúrò mi ló fẹ́. Ṣùgbọ́n ohun tí mo gbé wá kì í ṣe ohun tí ẹ ń retí. Orúkọ mi ni Emil Hruska. Kíndìnrín mi ti kọṣẹ́ sílẹ̀, dókítà sì ti fọgbọ́n sọ fún mi pé kí n má wulẹ̀ ra kàlẹ́ńdà ọdún tó ń bọ̀. Wọ́n ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò lé e bá. Tèmi ti lé ní ogójì ọdún tó ti ń sáré, ó sì ti rẹ èmi tí mo gbé e pọ̀n. Mo fẹ́ sọ̀ ọ́ kalẹ̀ níwájú yín lónìí.

Gbogbo yín tí ẹ wọ aṣọ Akọni Ọ̀la wá síbí, títí kan bàbá arúgbó tó so aṣọ pupa mọ́rùn lẹ́yìn yẹn, ẹ mọ ìwé náà jù mí lọ. Ẹ mọ àwọn ọmọ wọ̀nyẹn tí wọ́n ń gbé ní ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ọdún sí ìsinsìnyí, tí wọ́n ń gba ayé là kí wọ́n tó jẹun àárọ̀. Ẹ mọ Tindra, ọmọbìnrin tó jẹ́ pé bó bá ti tẹjú mọ́ nǹkan, nǹkan náà ò lè já bọ́ sílẹ̀ mọ́. Ohun tí ẹ ò mọ̀ ni pé èjí ẹnu Tindra, èjí Lorene ni. Òun ló jókòó níwájú níbẹ̀ yẹn. Igun ilé ìdáná wọn ni Russell ń tẹ́ tábìlì rẹ̀ sí, bó bá sì fẹ́ ya Tindra, á kàn yíjú sí ìyàwó rẹ̀ pé, "Lorene, fi eyín rẹ yá mi." Lorene, rẹ́rìn-ín fún wọn kí wọ́n rí i. Ó kọ̀. Kò burú, n kò bá a wí.

Èmi ní tèmi, ibi ìkẹ́rùsí ìwé ìròyìn ní Toledo ni mo ti ń ṣiṣẹ́. Ẹ jẹ́ kí n là á yé àwọn ọmọ kékeré àárín yín. Nígbà náà, kò sí ṣọ́ọ̀bù tó ń ta ìwé alàwòrán nìkan. Ilé ìtajà oògùn àti ṣọ́ọ̀bù igun òpópónà lèèyàn ti ń rà á, àwa la sì ń pín in fún wọn. Èyí tí kò bá tà á padà wá sọ́dọ̀ wa, ilé iṣẹ́ tó tẹ̀ ẹ́ ní New York kò sì ní gba kọ́bọ̀ lórí rẹ̀. Láyé àtijọ́, dandan ni ká ya orí èèpo ìwé kọ̀ọ̀kan ránṣẹ́ sí wọn, kí wọ́n lè gbà pé kò tà lóòótọ́. Nígbà tó yá, àwọn ọ̀gá ní wàhálà yẹn ti pọ̀ jù. Wọ́n ní ká kàn máa búra lórí ìwé pé báyìí ló ṣẹ́ kù, pé a sì ti fi ẹ̀rọ lọ gbogbo rẹ̀. Ta ni wọ́n ní kó máa búra? Èmi ni. Wọ́n fi ewúrẹ́ ṣọ́ iṣu.

Ọkùnrin kan wà tó ń jẹ́ Duane Kipp, ẹnu rẹ̀ dùn, ọkọ̀ rẹ̀ ò sì ní fèrèsé lẹ́yìn. Ìwé alàwòrán ló ń tà, á fi ránṣẹ́ sí àwọn tó ń wá a káàkiri orílẹ̀-èdè. Ọjọ́ kan ló bá mi lẹ́nu ọ̀nà ẹ̀yìn.

"Emil, ọ̀gá mi, ṣé o fẹ́ lọ ìwé wọ̀nyí di ẹ̀kọ ni? Nígbà tí àwọn kan ń fi omijé wá a?"

Mo ní, "Iṣẹ́ mi nìyẹn."

"Iṣẹ́ rẹ kọ́, ìkà ni. Mo ní oníbàárà láti Texas dé Maine, Akọni Ọ̀la sì ni wọ́n ń béèrè ṣáá. Gbé e fún mi, kí o buwọ́ lù ú pé o ti lọ̀ ọ́. Ta ló máa la ikùn ẹ̀rọ wò?"

Mo rẹ́rìn-ín. Kí ẹ má rò pé ojú mi pọ́n sí owó nìkan o. Owó náà dùn, n kò ní parọ́, ṣùgbọ́n mo sọ fún ara mi pé oore ni mo ń ṣe. Ìwé tí àna mi fi ojú àti ọrùn rẹ̀ yà, ṣé kí n dà á sẹ́nu irin, àbí kí n gbé e fún ẹni tó fẹ́ràn rẹ̀? Wo bí olè ṣe ń wá aṣọ funfun wọ̀! Kò pẹ́ tí Duane ò fi dúró de àjẹkù mọ́. Ìwé tuntun tí okùn tí wọ́n fi dì í ṣì wà lára rẹ̀ ló ń kó, kí ṣọ́ọ̀bù kankan tó rí i rárá. Ó sì ní irú mi láwọn ìlú mìíràn. Lórí ìwé ìbúra wa, Akọni Ọ̀la ò tà. Nínú ọkọ̀ Duane, kì í tó. Bẹ́ẹ̀ ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ràn ìwé náà jù lẹ̀ ń rà á, ẹnikẹ́ni ní New York ò sì rí yín.

Àwọn ará New York wá bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ Russell láago. Wọ́n ní ọjà ń lọ sílẹ̀. Russell dá ìtàn rú, ó dá a tò. Ó pa akọni kan, ó jí i dìde. Ó rù débi pé bẹ́líìtì rẹ̀ ń wá ihò tuntun. Mo rí gbogbo rẹ̀, mo sì ń buwọ́ lùwé.

Lọ́jọ́ Sunday kan ní oṣù kejì, yìnyín dí ẹnu ọ̀nà mi pa. Ẹ̀yìn ń dùn mí, Russell sì gbé ṣọ́bìrì rẹ̀ wá láti bá mi kó o. Ó ṣiṣẹ́ náà dé ìdajì, ó wá fara ti ṣọ́bìrì.

"Emil, ìwọ lò ń rí àwọn ìwé yẹn tí wọ́n bá padà dé. Àwọn ọ̀gá lè máa tàn mí, ìwọ ò jẹ́ tàn mí. Ṣé àwọn èèyàn ń rà á?"

Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni ìdáhùn rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni. Ká ní mo sọ ọ́, ó máa béèrè pé kí ló wá dé tí àkọsílẹ̀ ò fi rí bẹ́ẹ̀, ẹ̀wọ̀n á sì bẹ̀rẹ̀ sí í kan ilẹ̀kùn mi. Mo wo yìnyín. Mo ní, "Russell, kò sẹ́ni tó ń rà á. Bí okùn ṣe wà lára rẹ̀ ló ń padà wá."

Ó ní, "Ó ṣeun tó o sọ òótọ́ fún mi." Ó sì kó yìnyín tó kù tán.

Ẹ ti ń bú ilé iṣẹ́ náà láti ọdún náà wá pé wọ́n pa ìwé náà láìjẹ́ kí ìtàn parí. Wọn ò pa á. Wọ́n ní kí Russell dán an wò di ìparí ọdún, ó ní rárá, ó tó. Ìdí nìyí tí Tindra fi ṣì wà níbi tí ẹ fi í sí, tó ń wo ìlú tó fẹ́ já bọ́, tí kò gbọdọ̀ ṣẹ́jú. Èmi ni kí ẹ máa bú.

Ó lọ ń kun orúkọ sára ọkọ̀ àwọn oníbúrẹ́dì. Ọwọ́ rẹ̀ dára níbẹ̀ náà. Nígbà tó yá, lẹ́tà yín dé. Ẹ ní kó wá síbi ìpàdé yín, ẹ ní ẹ fẹ́ yẹ́ ẹ sí. Ó gbé e wá fún mi, ojú rẹ̀ mọ́lẹ̀ bí ojú ọmọdé. "Àna mi, ṣé òótọ́ ni, àbí wọ́n ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́? Ṣé kí n lọ?" Bó bá lọ, ẹ máa sọ ibi tí ẹ ti rà á fún un. Mo ní, "Yẹ̀yẹ́ ni, Russell. Má lọ fi ara rẹ wọ́lẹ̀." Èyí ló burú jù nínú gbogbo ohun tí mo ṣe láyé mi. Ìmọ́lẹ̀ ojú yẹn kú níwájú mi, n kò sì rí i mọ́ títí tó fi kú. Lórí ibùsùn ilé ìwòsàn, ó ní, "Kò sẹ́ni tó kà á, Emil, àmọ́ mo gbádùn yíyà á." Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú.

Oṣù tó kọjá ni mo tó jẹ́wọ́ fún Lorene nídìí kọfí. Mo rò pé ó máa da kọfí náà sí mi lójú. Ì bá sàn kó dà á. Ńṣe ló fọwọ́ lé ọwọ́ mi.

"Emil, ojú àánú rẹ mà pọ̀ o. O ń kú lọ, o fẹ́ fi ọ̀rọ̀ dídùn sílẹ̀ fún mi."

"Lorene, òótọ́ ni! Mo búra."

"O búra? Ìwọ tó o ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ fún mi pé o búra irọ́ fún ọdún mélòó kan? Russell bi ọ́ lẹ́ẹ̀mejì, ohun kan náà lo sọ. Èwo ni kí n wá gbà? Mu kọfí rẹ, ó ń tutù."

Kò gbà mí gbọ́. Mo fi irọ́ kọ́ ilé náà, ó lágbára débi pé òtítọ́ ò ríbi wọlé. Mo ní kó jẹ́ ká lọ jẹ ẹja létí adágún, ìyẹn ni mo fi rí i mú wá síbí. Ó ń fojú burúkú wò mí báyìí, ẹ wò ó.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, bí ẹnìkan bá bi yín bóyá iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ wúlò fáyé, ẹ má fi ẹ̀rù ara yín dá a lóhùn. N kò bẹ̀ yín pé kí ẹ dárí jì mí, ẹni tí mo ṣẹ̀ ti lọ. Ohun kan ṣoṣo ni mo ń bẹ̀bẹ̀ fún. Ẹnikẹ́ni nínú yín tó ra Akọni Ọ̀la nígbà náà, lọ́wọ́ Duane tàbí níbikíbi, kó jọ̀wọ́ kó dìde. Ẹni tí orúnkún bá ń dùn, kó nawọ́ sókè.

Lorene, jọ̀ọ́, bojú wẹ̀yìn.