Ọlọ́pàá Abẹ́ Igi Ọdán

Ilé ẹjọ́ ti pàṣẹ pé kí wọ́n yẹgi fún mi. Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ọ̀rọ̀ yìí, n kò jiyàn ìdájọ́ náà: ọwọ́ mi ni mo fi pa sájẹ́ǹtì ọlọ́pàá kan. Ohun tí kò yé mi títí di òní ni irú ènìyàn tí mo pa.

Olùkọ́ ìtàn ni mo jẹ́ ní Ìsẹ́yìn. Ọ̀rẹ́ mi kan, Kọ́lá, gbé alùpùpù tí kò ní nọ́ńbà wá sí ẹ̀yìnkùlé mi, ó ní kí n bá òun tọ́jú rẹ̀. Mo fura pé ó jí i ni. Ó ní, "Tíṣà, ìwọ máa fi lọ sóko ní tìẹ, kí ẹsẹ̀ lè sinmi." Ẹsẹ̀ mi gbà kí ọkàn mi tó gbà.

Nígbà tí ọwọ́ tẹ Kọ́lá, ó dárúkọ mi. N kò dúró ṣàlàyé. Mo sá lọ sí abà kan lẹ́bàá Àgọ́-Àrẹ, mo fi ìyàwó mi, Àbẹ̀kẹ́, àti ìyá mi sílẹ̀.

Àwọn ọlọ́pàá kò bá mi nílé, wọ́n mú Àbẹ̀kẹ́ dípò mi. Nígbà tí wọ́n tú u sílẹ̀, wọ́n yan sájẹ́ǹtì kan tí kò wọ aṣọ iṣẹ́ pé kí ó máa ṣọ́ ilé wa. Abẹ́ igi ọdán tí ó kọjú sí ẹnu ọ̀nà wa ni ó ń jókòó sí. Ó ń tú ẹrù ìyá mi bí ó bá ti oko dé. Ó ń da ìbéèrè bo àwọn tí ó wá kí ìyá mi, títí ẹnikẹ́ni kò fi yà mọ́.

Ìyá mi bi í lọ́jọ́ kan pé, "Ọmọ mi, ṣé abẹ́ igi yìí náà ni wọ́n ti máa fún ẹ lówó ìfẹ̀yìntì?"

Ó rẹ́rìn-ín. "Màmá, ẹ pe ọmọ yín kó wá, kí èmi náà lè relé."

Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, tí ó jẹ́ nọ́ọ̀sì, ni ó ròyìn gbogbo èyí fún mi lórí fóònù. Ó ti gbé ẹ̀sùn lọ bá àwọn ọ̀gá ọlọ́pàá ní Ìbàdàn.

"Wọ́n ti gbọ́ tiwa. Ṣáà ní sùúrù, tàbí kí o wá, kí èmi àti lọ́yà mú ọ lọ bá wọn."

"Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé ọlọ́pàá ni yóò dá ọlọ́pàá lẹ́bi?"

"Ìwọ lò ń sá, àwa là ń mí hẹlẹ!"

Ọ̀rọ̀ yẹn gún mi. Ní ọ̀sán ọjọ́ kejì, mo gba ẹ̀yìnkùlé wọlé. Mo rí sájẹ́ǹtì náà nínú àgbàlá wa, ó di apá ìyá mi mú, ìyá mi ń ta gọ̀ọ́gọ̀ọ́. Mo rò pé ó ń wọ́ ọ lọ ni. Ọmọ odó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Mo gbé e, mo là á mọ́ ọn lórí.

Ìyá mi figbe ta. "Háà! Kí lo ṣe yìí? Àwọn ọ̀gá Ìbàdàn ti ní kó kúrò lọ́dọ̀ wa! Ó wá dágbére ni, ó ní kí n dárí ji òun. Òòyì ló kọ́ mi tó fi dì mí mú!"

Orúkọ wo ni kí n pè é? Òun ni ó lé àlejò kúrò lọ́dọ̀ ìyá mi; òun náà ni ó wá tọrọ àforíjì, kò sì sí ọ̀gá tí ó rán an ní ìyẹn. Bí mo bá ń ṣọ̀fọ̀ rẹ̀, mo máa ń rántí Àbẹ̀kẹ́ nínú àhámọ́. Bí mo bá bínú sí i, ojú a tì mí. Ní ilé ẹjọ́, ìyá rẹ̀ àti ìyá mi jókòó lórí bẹ́ǹṣì kan náà, wọn kò bára wọn jà. Ìyẹn náà kò yé mi.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Òkè-Ògùn, ẹ má gba ohun tí ẹ kò mọ orísun rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí ẹsẹ̀ máa ro yín. Bí ọlọ́pàá bá ń wá yín, ẹ mú lọ́yà àti àgbà ilé dání, kí ẹ lọ jẹ́ ìpè. Bí wọ́n bá sì ń fìyà jẹ ará ilé yín, ẹ ké gbàjarè, ẹ tún un ké, kí ẹ dúró gbọ́ èsì. Èsì tiwa ti wọ àgbàlá wa kí n tó dé. Èmi ni mo pa á.