Àgbọn Tí Mo Pààrọ̀ ní Madras

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ jẹ́ kí kámẹ́rà sinmi díẹ̀. Ẹ gbé àgbọn tí a máa ń fọ́ níwájú òrìṣà kí fíìmù tó bẹ̀rẹ̀ lé mi lọ́wọ́, ẹ ní ẹsẹ̀ èmi Haimavathi dára, pé fíìmù tí mo bá fẹsẹ̀ kàn kì í ṣòfò. Mi ò ní fọ́ ọ àfi tí mo bá pọ ohun tí mo ti gbé mì láti ọdún mọ́kàndínláàádọ́ta.

Ní Madras, èmi àti Vakula jọ ń gbé yàrá kan. Abẹ́ ìbora kan là ń sùn. Òun ni wọ́n fún ní ipò olórí obìnrin nínú fíìmù ńlá kan. Èmi, wọ́n ní kí n ṣe ìránṣẹ́bìnrin rẹ̀. Ìlara gbé mi wọ̀. Láàárọ̀ ọjọ́ ìbẹ̀rẹ̀ tí Vakula máa fọ́ àgbọn, Sitamma tó máa ń kùn mí lójú mú àgbọn jíjẹrà kan wá. Ó ní, "Fi í pààrọ̀ èyí tí wọ́n gbé sínú àwo fún un, kó o sì panu mọ́. Ta ló máa bi àgbọn léèrè?" Mo pààrọ̀ ẹ̀. Ọwọ́ yìí ni, kì í ṣe iṣẹ́ èṣù.

Vakula fọ́ ọ níwájú ère òrìṣà tí à ń pè ní Olúwa Òkè Méje. Omi dúdú tú jáde, ó ń rùn. Agbátẹrù fíìmù náà figbe ta: "Ẹlẹ́sẹ̀ irin! Ẹsẹ̀ tí ń fa àdánù! Ẹ lé e síta kó tó sọ mí di alágbe!" Kó tó di ọ̀sán, aṣọ rẹ̀ ti wà lára mi.

Èyí kọ́ ló burú jù. Lẹ́yìn ọdún mẹ́fà, mo rí i láàárín àwọn tó ń ṣe èrò ọjà lẹ́yìn mi nínú fíìmù kan. Ó fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́: "Ẹ̀gbọ́n, ojú yín ló ṣe. Àfẹ́sọ́nà mi ti sá. Ṣé lóòótọ́ lẹsẹ̀ mi burú ni?" Mo wò ó lójú kòrókòró, mo ní, "Ohun tí Ẹlẹ́dàá kọ síwájú orí ẹ nìyẹn, àbúrò mi." Ó gbà mí gbọ́. Títí dòní, bí wọ́n bá ti fẹ́ fọ́ àgbọn, fúnra rẹ̀ ló ń bọ́ síta.

Lánàá, mo kúnlẹ̀ fún un, mo jẹ́wọ́ àgbọn tí mo pààrọ̀. Kò sunkún. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, etí tèmi nìkan kọ́ lọ̀rọ̀ yìí wà fún. Ìdí àgbọn ni wọ́n ti sọ mí lórúkọ. Ibẹ̀ ni kẹ́ ẹ ti gbà á kúrò lọ́rùn mi."

Mo ti dé ìdí àgbọn. Ẹ̀yin ọmọbìnrin tó ń bọ̀ lẹ́yìn, ẹ má gba ipò kankan lórí ẹ̀yìn ọ̀rẹ́ yín. Ẹ dárí jì mí bí ẹ bá lè ṣe é. Bí ẹ ò bá lè ṣe é, mo ti sọ ọ́ ná. Vakula, mo ń wò ẹ́ lẹ́nu ọ̀nà. Wọlé wá, gba àgbọn, fọ́ ọ. Bínú ẹ̀ bá dúdú, ẹni tó gbé e sínú àwo ni kẹ́ ẹ bi léèrè.