Òkìtì Tí Mo Fi Ṣe Àmì

Kí ikú tó pa ẹnu mi dé, ẹ jẹ́ kí n pọ òótọ́ yìí jáde, ẹ̀yin ọmọ Shilumbu tí ẹ gbé àpò wá láti bu erùpẹ̀ sàréè bàbá yín lọ sílé ní àríwá. Ẹ dáwọ́ dúró ná.

Èmi Tuhafeni ni mo sin bàbá yín. Ẹ̀gbẹ́ ara wa la ti máa ń rákò, ikùn nílẹ̀, tí a ń ṣa dáyámọ́ńdì nínú iyanrìn, aṣọ lẹ́nu kí a má baà gbé e mì. Ibà ló pa á. Wọ́n ní kí n ru òkúta wá to sàréè náà. Òkúta jìnnà, èmi náà sì ya ọ̀lẹ. Mo wo òkìtì iyanrìn gàgàrà kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibẹ̀, mo ní èyí tó ṣe àmì, ta ni yóò gbé e? Afẹ́fẹ́ gbé e.

Iṣẹ́ kógbá sílé, àwọn òyìnbó tó ni iṣẹ́ lọ, iyanrìn wọ ilé wọn bí àlejò tí kì í kan ilẹ̀kùn, ó jókòó ní pálọ̀, ó gorí bẹ́ẹ̀dì. Èmi nìkan ṣẹ́kù, mo ń ṣọ́ àlàpà. Bí kùrukùru bá ti inú òkun wọlé láàárọ̀, mo máa ń gbọ́ Shilumbu tó ń rákò lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, tó ń bi mí pé, "Ọ̀rẹ́, ibo lo gbé mi sí?"

Ìyá yín wá, ó ní kí n mú òun lọ síbi tí ọkọ òun sùn sí. Ojú tì mí. Mo tọ́ka sí òkìtì olókùúta kan lẹ́yìn ilé ìwòsàn tó wó. Ó kúnlẹ̀, ó ta ọtí jéró sílẹ̀, ó sunkún. Ọdọọdún ló sì ń wá. Ẹ̀yin ọmọ, ìbaaka máníjà ló wà níbẹ̀. Èyí tó burú jù rèé: lọ́dún kan, afẹ́fẹ́ hú eyín rẹ̀ síta. Ìyá yín ní, "Ṣé eyín ọkọ mi gùn tó báyìí?" Èmi aláìnítìjú, mo ní bẹ́ẹ̀ ni eyín òkú máa ń gùn nínú iyanrìn.

Láàárọ̀ yìí ni mo kọ́kọ́ jẹ́wọ́ fún ìyá yín. Mo gbé ẹ̀rẹ̀kẹ́ sílẹ̀ de ìgbájú. Ẹ̀rín ló bú sí.

"Ọ̀rẹ́ ọkọ mi, àwọn darandaran ló bí mi. Láti ọjọ́ tí mo ti rí eyín yẹn ni mo ti mọ̀. Bí mo bá bá ọ jà, ta ló kù tó máa bá mi rántí Shilumbu?" Ẹ̀rín náà wá di omijé. Ó ní òkìtì tó bo ọkọ òun ló rìn wọ inú ilé àwọn òyìnbó, kí ẹ lọ bu erùpẹ̀ yín lórí bẹ́ẹ̀dì máníjà.

Ẹ dárí jì mí. Bí ẹ bá sì sin erùpẹ̀ náà nílé, ẹ to òkúta lé e. Bí òkúta bá jìnnà, ẹ rù ú.